Ẹ̀ṣẹ̀ Mi Ni, Onídùúró Mi Ló Rù Ú

Ẹ má tíì bá mi kẹ́dùn. Àwọn kan ti bá mi kẹ́dùn rí kí wọ́n tó gbọ́ ọ̀rọ̀ yìí dópin. Nígbà tí wọ́n gbọ́ ọ tán, ńṣe ni wọ́n dákẹ́.

Wiebke Lüdersen ni orúkọ mi. Mo fi ọdún mọ́kàndínlọ́gbọ̀n ṣe oníròyìn ọ̀rọ̀ ìṣèlú àti ọ̀rọ̀ ajé lórí tẹlifíṣàn ní Jámánì. Ọkùnrin tí mo ṣẹ̀ ti kú. Ìyàwó rẹ̀ ṣì wà láàyè. Ó ti ka ohun tí mo kọ yìí, ó sì ní kí n gbé e jáde bó ṣe rí.

Bonn ló ti ṣẹlẹ̀, nígbà tí ìjọba Jámánì ṣì fi ibẹ̀ ṣe olú ìlú. Eckart Wessling ló kọ́ mi níṣẹ́. Ọdún méjì ni mo fi wà lábẹ́ rẹ̀ kí n tó bọ́ sí iléeṣẹ́ tẹlifíṣàn mìíràn, ṣùgbọ́n bí mo ṣe kúrò lọ́fíìsì rẹ̀ tó, mi ò kúrò nílé wọn. Ọjọ́ Àìkú tí mi ò jẹun ní ilé ìdáná òun àti Almut ìyàwó rẹ̀ kò pọ̀. Wọn ò bímọ. Àǹtí Almut ń kọ́ àwọn ọmọ ilé ìwé ní orin, òun náà ló sì ń darí ẹgbẹ́ akọrin àdúgbò wọn. Bí mo bá ti wọlé, á ní, "Alájẹkì ti dé. Eckart, gbé àwo kẹta jáde."

Ní ìlú yẹn, iṣẹ́ wa dúró lórí nǹkan kan tí a kò kọ sínú ìwé. Àwa oníròyìn mẹ́sàn-án ní ẹgbẹ́ kan. Ní gbogbo ọ̀sán Ọjọ́bọ̀, a máa ń pàdé ní yàrá ẹ̀yìn ilé oúnjẹ kan létí odò Rhine. A ó pe àlejò kan, ó lè jẹ́ mínísítà, ó lè jẹ́ olórí báńkì, yóò bá wa jẹun, yóò sì sọ òótọ́ ohun tó ń lọ fún wa.

Kí ó tó la ẹnu, yóò kọ́kọ́ sọ ìpele tí ọ̀rọ̀ rẹ̀ wà. Ìpele kìíní: ẹ lè gbé e jáde, kí ẹ sì dárúkọ mi. Ìpele kejì: ẹ lè gbé e jáde, ṣùgbọ́n ẹ má sọ ẹni tó sọ ọ́. Ìpele kẹta: ẹ gbọ́ ọ kí ó lè yé yín, kí ó sì kú sínú yín. Kò gbọdọ̀ dé iwájú kámẹ́rà, kò tilẹ̀ gbọdọ̀ dé etí ọ̀gá yín níbi iṣẹ́.

Ẹni tó bá fẹ́ wọ ẹgbẹ́ náà gbọ́dọ̀ ní onídùúró nínú wa. Bí ó bá tú ọ̀rọ̀ ìpele kẹta síta, wọ́n á lé e, wọ́n á sì lé onídùúró rẹ̀ mọ́ ọn.

Eckart ló dúró fún mi. Rüdiger Pohlmann, àgbà oníwèé ìròyìn tó máa ń ṣe alága, bi í bóyá ó dá a lójú. Eckart ní, "Inú àwo mi ni ọmọ yìí ti máa ń mú ànàmọ́ jẹ láì tọrọ. Ẹni tó bá ń jalè lójú ẹni báyìí, kò ní jalè lẹ́yìn ẹni." Gbogbo wọn rẹ́rìn-ín. Bí mo ṣe wọlé nìyẹn.

Oṣù Karùn-ún ọdún 1996 ni ọ̀rọ̀ náà dé. Àlejò wa ní Ọjọ́bọ̀ yẹn ni Dókítà Irmgard Falkenrath, ọ̀gá kan ní iléeṣẹ́ ìjọba tó ń bójú tó ọrọ̀ ajé ní ọ̀kan nínú àwọn ìpínlẹ̀ wa. Iléeṣẹ́ kan wà ní ìlú kékeré kan tó ń jẹ́ Hollenrode, tó ń ṣe ẹ̀rọ tí wọ́n fi ń fa omi. Ẹgbẹ̀rin ènìyàn ó lé mẹ́wàá ló ń ṣiṣẹ́ níbẹ̀, iléeṣẹ́ náà sì ti fẹ́rẹ̀ẹ́ kógbá sílé. Dókítà Falkenrath sọ fún wa ní ìpele kẹta pé àwọn ti rí ẹni tó fẹ́ rà á. Kò sọ jù bẹ́ẹ̀ lọ.

Àwọn yòókù dìde lọ. Èmi àti Eckart jókòó tì í kí ó lè mu kọfí rẹ̀ tán. Bóyá nítorí ó ti ń mọ Eckart bọ̀ láti ogún ọdún ni ara fi tù ú, ó tú gbogbo rẹ̀ sílẹ̀. Àwọn ará Denmark ni olùrà náà. Ọjọ́rú tó ń bọ̀ ni wọn yóò fọwọ́ sí ìwé. Igba ènìyàn ó lé mẹ́wàá ni yóò pàdánù iṣẹ́ kí ẹgbẹ̀ta lè dúró, wọn ò sì tíì sọ fún àwọn òṣìṣẹ́.

Ó ní, "Ẹ̀yin méjèèjì nìkan ni mo sọ eléyìí fún o. Bí ó bá jáde ṣáájú Ọjọ́rú, àwọn ará Denmark yẹn á padà sílé wọn."

Eckart ní, "Inú wa ló máa sùn sí."

Èmi náà mi orí pé bẹ́ẹ̀ ni.

Ẹ jẹ́ kí n sọ ohun tó wà lọ́kàn mi nígbà tí mo ń mi orí yẹn. Ní ọjọ́ Ajé ọ̀sẹ̀ náà, Volkmar Stüwe, olóòtú àgbà ètò wa ní Mainz, níbi tí olú iléeṣẹ́ wa wà, ti pè mí. Ó ní ìròyìn mi dà bí búrẹ́dì àná. Kò ní pa ẹnikẹ́ni, ṣùgbọ́n kò sẹ́ni tó máa tò sórí ìlà nítorí rẹ̀. Lẹ́yìn ìsinmi ọdún, wọ́n máa fi ẹnì kan nínú wa sórí àga atọ́kùn, wọ́n á sì dá ẹnì kan dúró. Kò sọ èwo nínú méjèèjì ló máa jẹ́ tèmi. Kò nílò láti sọ ọ́.

Mo fi òru ọjọ́ náà ro ọ̀rọ̀ Hollenrode. Mo sọ fún ara mi pé àwọn igba ó lé mẹ́wàá yẹn lẹ́tọ̀ọ́ láti mọ ohun tí wọ́n fẹ́ ṣe fún wọn. Títí di òní, mi ò lè sọ pé irọ́ ni. Ṣùgbọ́n kì í ṣe nítorí tiwọn ni mo ṣe gbé fóònù ní aago méje òwúrọ̀ ọjọ́ Ẹtì.

Mo ní, "Ọ̀gá, mo rí nǹkan."

Stüwe ní, "Ṣé búrẹ́dì àná náà ni?"

"Rárá. Èéfín ṣì ń jáde lára rẹ̀."

Mo sọ orúkọ fún un, mo sọ ọjọ́, mo sọ iye ènìyàn. Ó béèrè bóyá ẹni tó ni ọ̀rọ̀ náà á mọ̀ bí ojú mi bá hàn lórí rẹ̀. Mo ní á mọ̀. Ó ronú díẹ̀, ó ní kò burú, Torsten Krahl tó wà lọ́dọ̀ àwọn ní Mainz ló máa gbé e, orúkọ mi ò ní sí níbẹ̀ rárá. Ó wá rẹ ohùn sílẹ̀, ó ní òun ò ní gbàgbé ẹni tó ni ín.

Ní ìrọ̀lẹ́ ọjọ́ Ìṣẹ́gun, Krahl gbé e jáde. Láàárọ̀ Ọjọ́rú, àwọn òṣìṣẹ́ Hollenrode ti fi ẹ̀wọ̀n sé ẹnu ọ̀nà iléeṣẹ́ náà pa. Mọ́tò àwọn ará Denmark dé ibẹ̀, ó dúró fún ìwọ̀n ìṣẹ́jú márùn-ún, ó sì yí padà. Wọn ò wá mọ́ láéláé.

Èmi gan-an ni Stüwe rán lọ síbẹ̀ lọ́sàn-án ọjọ́ náà. Ọkùnrin kan tó ti lé ní àádọ́ta ọdún, tó wọ aṣọ iṣẹ́, dúró níwájú kámẹ́rà wa. Mo bi í pé báwo ló ṣe rí ìròyìn náà sí.

Ó ní, "Ẹ ṣeun tí ẹ sọ fún wa. Kí wá ni ká ṣe sí i báyìí?"

A gé apá yẹn kúrò nígbà tí a ń to fíìmù náà.

Ní ọjọ́ kejì, Ọjọ́bọ̀, ẹgbẹ́ wa pé. Kò sí àlejò. Pohlmann kò tilẹ̀ jẹ́ kí wọ́n gbé oúnjẹ wọlé, àfi ọbẹ̀ tí Eckart ti ń mu kí a tó pé. Ó ní Dókítà Falkenrath ti pe òun. Obìnrin náà sọ pé ẹni méjì péré ni òun sọ ọjọ́ àti iye ènìyàn fún.

"Ẹni méjì náà wà níbí," ni Pohlmann wí. "Mi ò ní dárúkọ wọn. Mo fẹ́ kí ẹni tó ṣe é sọ̀rọ̀."

Mo tẹjú mọ́ aṣọ orí tábìlì. Mo ti la ẹnu, ó dá mi lójú pé mo ti la ẹnu. Mo rí àga atọ́kùn lójú ọkàn mi, mo rí i bí wọ́n ṣe máa lé èmi àti Eckart jáde pa pọ̀, mo wá pa ẹnu dé.

Eckart gbé ṣíbí rẹ̀ sílẹ̀. Ó wò mí. Ìwò náà kò gùn, kò sì le. Bí ìgbà tí ènìyàn ń wo ọmọ tó ṣubú, láti mọ̀ bóyá ó fara pa.

Ó ní, "Èmi ni."

Pohlmann ní, "Eckart. Ìwọ kẹ̀?"

"Èmi ni. Mo bá Krahl pàdé nínú ọkọ̀ ojú irin Mainz lọ́jọ́ Ẹtì. Mo ti mu wáìnì. Ọ̀rọ̀ náà bọ́ lẹ́nu mi."

Wọ́n mọ̀ pé ó lọ sí Mainz lọ́jọ́ náà lóòótọ́. Wọ́n sì mọ̀ pé kò sí oníròyìn kankan tó máa bi Krahl pé ta ló sọ fún un; ẹni tó bá béèrè irú rẹ̀ nínú iṣẹ́ wa ti tẹ́. Pohlmann yíjú sí mi, ó ní, "Wiebke, ṣé o ní nǹkan kan láti sọ?"

Mo ní, "Rárá."

Ọ̀rọ̀ kan ṣoṣo. Mo ti bá ààrẹ báńkì sọ̀rọ̀, mo ti da ìbéèrè bo mínísítà títí ó fi làágùn, ṣùgbọ́n "rárá" yẹn ni mo máa ń gbọ́ bí ilé bá dákẹ́.

Eckart wà lára àwọn tó dá ẹgbẹ́ náà sílẹ̀, nítorí náà kò ní onídùúró tí wọ́n lè lé mọ́ ọn. Òun nìkan ló dìde. Ó wọ kóòtù rẹ̀, ó kí wa lọ́kọ̀ọ̀kan, ó sì jáde.

Ní Bonn ìgbà yẹn, oníròyìn tí wọ́n bá ti sọ pé kò lè pa ẹnu mọ́ ti parí iṣẹ́. Ibi tí Eckart bá pè, akọ̀wé á ní ọ̀gá òun kò sí. Kò pé ọdún kan tí iléeṣẹ́ rẹ̀ fi gbé e lọ sí ibi ìpamọ́ fíìmù àtijọ́, kò sì pẹ́ lẹ́yìn ìyẹn tí wọ́n fi ní kó máa lọ sinmi. Ẹni ọdún méjìdínlọ́gọ́ta. Wọ́n ta ilé wọn, wọ́n kó lọ sí abúlé kan ní ilẹ̀ olókè Eifel. Àǹtí Almut fi ẹgbẹ́ akọrin rẹ̀ sílẹ̀ fún ẹlòmíràn. Iléeṣẹ́ Hollenrode náà kò rí ọdún tuntun. Ẹgbẹ̀rin ó lé mẹ́wàá, gbogbo wọn pátá ló pàdánù iṣẹ́.

Èmi ni wọ́n fi sórí àga.

Mo máa ń pe Eckart lórí fóònù. Á bi mí léèrè iṣẹ́, á sọ ibi tí mo ti sáré jù nínú ètò ọ̀sẹ̀ yẹn. Mo mọ̀ pé ó mọ̀, ó sì mọ̀ pé mo mọ̀. Kò sẹ́ni tó dárúkọ Hollenrode nínú wa. Bí a bá fẹ́ parí ọ̀rọ̀, ohun kan náà ló máa ń sọ: "Kí o wá lọ́jọ́ Àìkú kan." Èmi á ní màá wá. Ọdún mẹ́ta ni mo fi ní màá wá.

Ní oṣù Kẹsàn-án ọdún 1999, wọ́n fún mi ní ẹ̀bùn ìdánilọ́lá kan fún iṣẹ́ mi lórí ọ̀rọ̀ ajé. Ọjọ́ Ajé ni, ní aago mọ́kànlá àárọ̀, nínú gbọ̀ngàn kan ní Frankfurt. Mo fìwé pe Eckart àti ìyàwó rẹ̀. Mo rò pé bí mo bá dúpẹ́ lọ́wọ́ rẹ̀ níwájú gbogbo ènìyàn, ọkàn mi á fúyẹ́. Pohlmann wà níbẹ̀, àwọn mẹ́ta mìíràn nínú ẹgbẹ́ wa sì wà níbẹ̀.

Ní ilẹ̀ wa, ẹni tí wọ́n bá ń dá lọ́lá kì í kọ́kọ́ sọ̀rọ̀. Ẹlòmíràn ló máa ń dìde yìn ín. Stüwe ni wọ́n yàn láti yìn mí. Ó máa fẹ̀yìn tì níparí ọdún náà, inú rẹ̀ sì dùn. Ó ṣe ẹ̀fẹ̀ lórí búrẹ́dì àná, àwọn ènìyàn rẹ́rìn-ín.

Lẹ́yìn náà ló ní, "Mo fẹ́ sọ àṣírí kan kí n tó lọ. Gbogbo yín rò pé Krahl ló rí ọ̀rọ̀ Hollenrode. Krahl kọ́. Aago méje òwúrọ̀ ọjọ́ Ẹtì, mo ń fá irùngbọ̀n lọ́wọ́, fóònù dún. Wiebke ni. Ó mọ orúkọ olùrà, ó mọ ọjọ́, ó mọ iye ènìyàn. Kò tilẹ̀ bínú pé orúkọ rẹ̀ kò sí níbẹ̀. Irú oníròyìn tó jẹ́ nìyẹn."

Ìfẹ́ ló fi sọ ọ́. Gbọ̀ngàn náà pàtẹ́wọ́.

Mo rí i tí ọwọ́ Pohlmann dúró láàrin àtẹ́wọ́. Ó yíjú, ó ń wá Eckart láàrin èrò. Àwọn mẹ́ta yòókù náà yíjú. Eckart tẹ orí ba, ó ń wo bàtà rẹ̀ bí ẹni pé òun ni àṣírí rẹ̀ tú. Àǹtí Almut wo ọkọ rẹ̀, ó wò mí, ó tún wo ọkọ rẹ̀.

Wọ́n pe orúkọ mi. Mo gun orí pèpéle. Ọ̀rọ̀ tí mo ti kọ sílẹ̀ nìkan ló wà lọ́wọ́ mi, òun náà ni mo kà: mo dúpẹ́ lọ́wọ́ Eckart Wessling, tó kọ́ mi bí oníròyìn ṣe ń pa àdéhùn mọ́.

Nígbà tí mo sọ̀kalẹ̀, wọ́n wà ní ibi tí wọ́n ń kó kóòtù sí. Àǹtí Almut ni mo kọ́kọ́ bá.

Kò pariwo. Ó ní, "Ọdún mẹ́ta. Wáìnì ni ó ní ó fà á. Mo kó wáìnì kúrò nílé. Mo sọ fún àbúrò mi pé ọkọ mi ò lè pa ẹnu mọ́. Bí a bá jọ jà, òun ni mo máa ń fi bú u."

Eckart ní, "Almut, ó tó."

Mo ní kí wọ́n dárí jì mí. Mo bi Eckart ìdí tó fi ṣe é. Ó ń wá ihò apá kóòtù rẹ̀, kò rí i. Mo bá a dì í mú.

Ó ní, "Èmi ni onídùúró rẹ. Bí ìwọ bá sọ̀rọ̀, èmi náà á lọ. Kí ni ká fi ẹni méjì ṣe níbi tí ẹnì kan tó?" Ó de bọ́tìnì kóòtù rẹ̀ kan. "Ìyẹn ò dùn mí. Ohun tí mo rò ni pé wàá wá. Mo rò pé ọ̀sẹ̀ kejì ni wàá wá."

"Ṣé mo ṣì lè wá?"

Ó de bọ́tìnì kejì. "Wá lọ́jọ́ Àìkú. Ilé ìdáná wa ni a ó jókòó sí, bíi ti àtijọ́. Sọ ọ́ fún èmi àti ẹ̀gbọ́n rẹ yìí, ká gbọ́ ọ lẹ́nu rẹ. Ká lè jẹun."

Ẹ̀yin tí ẹ̀ ń ka ìtàn mi, ibi tí mo fẹ́ kí ẹ ti kọ́gbọ́n rèé. Ẹ lè rò pé ohun tó burú jù ti kọjá.

Kí ilẹ̀ ọjọ́ kejì tó mọ́ dáadáa, àwọn oníwèé ìròyìn ti gbọ́. Ọ̀gá iléeṣẹ́ wa ní kí n tètè sọ ọ́ fúnra mi kí wọ́n tó bá mi sọ ọ́. Èmi náà gbà pẹ̀lú rẹ̀. Ó dà bí ohun tó tọ́ lójú mi: gbogbo ayé ni orúkọ Eckart ti bà jẹ́ níwájú rẹ̀, iwájú gbogbo ayé náà ni kí n ti tún un ṣe. Iṣẹ́ tí mo mọ̀ nìyẹn. Bí ènìyàn bá fún mi ní òótọ́, kámẹ́rà ni mo máa ń wá.

Ní ìrọ̀lẹ́ ọjọ́ Ìṣẹ́gun, níparí ètò, mo wo inú kámẹ́rà mo sì sọ gbogbo rẹ̀ ní ìṣẹ́jú méjì. Mo dárúkọ Eckart. Mo sọ pé wáìnì kọ́, ọkọ̀ ojú irin kọ́, èmi ni. Mo kọ̀wé fi àga sílẹ̀ lálẹ́ ọjọ́ náà. Àwọn òǹwòran fi lẹ́tà ránṣẹ́ láti ibi gbogbo, wọ́n ní mo láyà, wọ́n ní irú mi ṣọ̀wọ́n. Mo ka púpọ̀ nínú wọn. Wọ́n dùn mọ́ mi.

Mo pe Eckart lẹ́ẹ̀mẹta. Kò gbé e.

Lọ́jọ́ Àìkú, mo ra kéèkì eléso, mo wa mọ́tò lọ sí Eifel. Àǹtí Almut ló bá mi lẹ́nu géètì. Kò ṣí i.

Ó ní, "Eckart wà nílé. Ó ní kí n sọ fún ọ pé òun ò sí. Èmi ò fẹ́ irọ́ kankan mọ́ nínú ilé yìí, nítorí náà mò ń sọ fún ọ pé ó wà, kò sì fẹ́ rí ọ."

Mo ní torí kí orúkọ rẹ̀ lè mọ́ ni mo ṣe sọ ọ́.

"Ta ló bẹ̀ ọ́? Láti Ọjọ́rú, mọ́tò mẹ́rin ló wà lẹ́nu géètì yìí pẹ̀lú kámẹ́rà. Wọ́n ń bi àwọn aládùúgbò wa irú ènìyàn tó jẹ́. Wọ́n ń bi èmi bó ṣe rí lára mi pé mo ti bú ọkọ mi lórí ẹ̀ṣẹ̀ ẹlẹ́ṣẹ̀." Ohùn rẹ̀ rẹlẹ̀. "Ẹni méjì ló ní kí o wá sọ ọ́ fún, Wiebke. Ẹni méjì péré. O lọ sọ ọ́ fún mílíọ̀nù mẹ́rin ná."

Lẹ́yìn rẹ̀, lẹ́gbẹ̀ẹ́ ilé, mo rí Eckart. Ó kọ ẹ̀yìn sí wa, ó ń to igi ìdáná mọ́ ara ògiri, ó ń fara balẹ̀ tò ó bó ṣe máa ń ṣe gbogbo nǹkan.

Mo pe orúkọ rẹ̀.

Ọwọ́ rẹ̀ dúró. Igi kan wà ní ọwọ́ náà. Mo bẹ̀rẹ̀ sí í kà nínú ọkàn mi bí a ṣe máa ń ka ìṣẹ́jú àáyá kí kámẹ́rà tó ṣí: márùn-ún, mẹ́rin, mẹ́ta. Mo rò pé á yíjú.

Ó gbé igi náà lé àwọn yòókù, ó sì bẹ̀rẹ̀ mú òmíràn nílẹ̀.